Bíbọ́jú Lẹ́yìn Iṣẹ́ Abẹ Ojú Onílésà

Nílé Yorùbá, ẹni tó jí tí kò tíì bọ́jú, a kì í kà á sí ẹni tó ti jí tán. Ọmọ tí a tọ́ kì í dọ̀bálẹ̀ níwájú bàbá rẹ̀ pẹ̀lú ìpin lójú. Ìdí nìyí tó fi máa ń ṣòro fún ẹni tó ṣẹ̀ṣẹ̀ ti yàrá iṣẹ́ abẹ dé láti gbà pé omi ò gbọdọ̀ wọ ojú òun fún ọ̀sẹ̀ kan gbáko. Dókítà ti sọ ọ́ fún un. Ìwé pélébé tí wọ́n kó lé e lọ́wọ́ tún un sọ lédè Gẹ̀ẹ́sì. Àmọ́ kò sẹ́ni tó sọ ohun tí yóò máa ṣe dípò bíbọ́jú. Ó délé, ooru mú un, òógùn ń ṣàn, ìyá rẹ̀ ní kó bomi tútù sójú kára lè tù ú. Ibẹ̀ ni wàhálà ti ń bẹ̀rẹ̀.

Ohun tí mo fẹ́ kí ẹni tó bá ka àròkọ yìí mú lọ kò ju ẹyọ kan lọ: ní ọ̀sẹ̀ kìíní, nínù là ń nu ojú, a kì í bọ́ ọ. Ojú lè mọ́ tónítóní láìjẹ́ pé ẹ̀kán omi kan wọ ẹyinjú. Kí n tó sọ bí a ṣe ń ṣe é, ẹ jẹ́ ká kọ́kọ́ wo ohun tí lésà ṣe níbẹ̀, nítorí ẹni tó mọ ìdí òfin ni í pa á mọ́ nígbà tí dókítà kò sí nítòsí.

Níwájú ẹyinjú, lórí ibi tó dúdú, awọ kan wà tó mọ́ gaara débi pé ìmọ́lẹ̀ ń gba inú rẹ̀ kọjá. Kọ́níà ni àwọn dókítà ń pè é. Nínípọn rẹ̀ láàárín kò fi bẹ́ẹ̀ ju ìdajì mìlímítà lọ, síbẹ̀ òun ló ń ṣe èyí tó pọ̀ jù nínú iṣẹ́ kíkó ìmọ́lẹ̀ jọ sí ibi tó yẹ lẹ́yìn ẹyinjú. Bí ó bá yọ jù tàbí tó pẹ̀tẹ́ jù fún gígùn ẹyinjú tó ni ín, olúwarẹ̀ á máa lo awò ojú. Iṣẹ́ lésà ni láti bó díẹ̀ lára kọ́níà yìí títí ìrísí rẹ̀ yóò fi bá a mu. Lóṣù kọkànlá ọdún 1981, ní ilé-iṣẹ́ IBM ní Amẹ́ríkà, Rangaswamy Srinivasan fi lésà ẹ́ksáímà gé ẹran tòlótòló tó ṣẹ́kù lẹ́yìn ọdún Ìdúpẹ́ wọn, ó sì rí i pé ojú ibi tó gé mọ́, iná ò jó ẹ̀gbẹ́ rẹ̀. Òun, James Wynne àti Samuel Blum ni wọ́n jọ ṣe iṣẹ́ náà. Dókítà ojú kan, Steven Trokel, gbé e dé orí kọ́níà láàárín ọdún méjì sí ìgbà náà, Ioannis Pallikaris ní erékùṣù Kírétè sì wà lára àwọn tó kọ́kọ́ ṣe irú èyí tí à ń pè ní LASIK lónìí. Ní 1995 ni FDA, àjọ tó ń bójú tó oògùn àti ohun èlò ìwòsàn ní Amẹ́ríkà, fọwọ́ sí ẹ́ksáímà fún títún ìríran ṣe.

Ní ti LASIK, dókítà á fi lésà mìíràn tàbí ọ̀bẹ ẹlẹ́rọ la òkè kọ́níà ní pẹlẹbẹ, á fi etí kan sílẹ̀ láìgé, á sì ṣí i sẹ́yìn. Ìdérí ni màá máa pe ohun tó ṣí yìí. Nínípọn rẹ̀ kò ju ìdá kan nínú mẹ́wàá mìlímítà lọ púpọ̀. Ẹ́ksáímà á bó abẹ́ rẹ̀, dókítà á dá ìdérí padà sí àyè rẹ̀, ó parí. Kò rán an. Kò fi àtè lẹ̀ ẹ́. Bí ewé tútù ṣe ń lẹ̀ mọ́ ara àwo láìsí ohun tó so ó mọ́ ọn, bẹ́ẹ̀ ni ìdérí yìí ṣe ń dúró ní wákàtí àkọ́kọ́: àwọn sẹ́ẹ̀lì tó wà lẹ́yìn kọ́níà ń fa omi kúrò nínú rẹ̀, fífà yẹn ló sì dì í mú. Tó bá fi máa di ọjọ́ kejì, awọ òkè á ti hù bo etí ibi tí wọ́n gé. Ìsàlẹ̀ ìdérí náà ni kì í so pọ̀ tó ti àtẹ̀yìnwá mọ́, kódà lẹ́yìn ọ̀pọ̀ ọdún.

Irú kejì ni PRK. Èyí kò ní ìdérí rárá. Wọ́n á ha awọ òkè kọ́níà kúrò, lésà á ṣiṣẹ́ lórí ibi tó ṣí sílẹ̀, wọ́n á sì fi lẹ́ǹsì rírọ̀ kan bò ó títí awọ tuntun yóò fi hù, èyí tó sábà máa ń gba ọjọ́ mẹ́ta sí márùn-ún. Egbò gbangba ni. Irú kẹta ni SMILE, níbi tí lésà ti ń gé ẹran tẹ́ẹ́rẹ́ kan nínú kọ́níà, tí dókítà á sì fà á jáde láti ojú ihò tí kò ju mìlímítà méjì sí mẹ́rin lọ. Ẹ béèrè èwo ni wọ́n ṣe fún yín. Ọ̀pọ̀ ènìyàn ń kúrò nílé ìwòsàn láìmọ̀, bẹ́ẹ̀ èyí ló ń sọ iye ọjọ́ tí ìṣọ́ra yóò fi le.

Kí ló wá dé tí omi fi di ọ̀tá? Omi tí à ń lò nílé, ì báà jẹ́ ti kànga, ti ẹ̀rọ, tàbí èyí tí à ń fà láti inú ilẹ̀, kò sí èyí tí kò ní kòkòrò àìfojúrí nínú. Ikùn lè gbà á, awọ ara lè gbà á, kọ́níà tó wà ní odindi náà lè gbà á nítorí awọ òkè rẹ̀ dí i lọ́nà. Èyí tó ní egbò kò lè gbà á. Ọ̀kan wà nínú àwọn kòkòrò wọ̀nyí tí orúkọ rẹ̀ ń jẹ́ Acanthamoeba, inú omi àti inú ilẹ̀ ló ń gbé, àrùn tó ń fà nínú kọ́níà le láti wò, ó sì lè gba oṣù púpọ̀ kí oògùn tó ká a. Omi inú ọ̀rá tí à ń pè ní píọ̀ wọ́tà kò yàtọ̀ lórí ọ̀rọ̀ yìí. Mímu ni wọ́n ṣe é fún. Mo ń tẹnu mọ́ ọn torí pé òun ni ọ̀pọ̀ ènìyàn ń sá lọ bá bí ojú bá ń ta wọ́n, pẹ̀lú èrò pé omi tó mọ́ fún ọ̀fun mọ́ fún ojú.

Omi nìkan kọ́ ló wà nínú bíbọ́jú, ọwọ́ wà níbẹ̀. Ẹ wo bí a ṣe ń bọ́jú: a ó bu omi sí àtẹ́lẹwọ́ méjèèjì, a ó gbá a mọ́jú, a ó wá fi ọwọ́ yí ojú po, a ó fi ìka yọ ìpin ní kọ̀rọ̀ ojú. Kò sí ohun tó lè ṣí ìdérí nípò tó ju ìyẹn lọ. Bí ìdérí bá yẹ̀, ìríran á dàrú lójijì, ojú á sì máa ro ènìyàn. Dókítà lè tún un tò bí wọ́n bá tètè gbé ẹni náà lọ, ṣùgbọ́n tó bá pẹ́, ó lè so ní wíwúnjọ.

Ọ̀rọ̀ kan wà tí mo rò pé àwọn ilé ìwòsàn kì í sọ tó. Kọ́níà wà lára ibi tí iṣan ìmọ̀lára pọ̀ sí jù lọ ní gbogbo ara ọmọ ènìyàn. Ìdí nìyí tí eruku bíńtín fi lè mú àgbàlagbà da omi lójú. Nígbà tí wọ́n gé ìdérí, wọ́n gé àwọn iṣan wọ̀nyí. Wọ́n máa ń hù padà, àmọ́ ó lè gba oṣù mẹ́fà, ó sì lè tó ọdún kan. Ní wákàtí bíi mẹ́rin sí mẹ́fà àkọ́kọ́, ojú á ta, omi á máa dà lójú. Lẹ́yìn náà ara á tu olúwarẹ̀, á ríran kedere, á rò pé ó ti jinná. Kò tíì jinná. Ẹyinjú náà ti kú tipiri díẹ̀ ni. Ọṣẹ lè wọ inú rẹ̀ kó má ta á bó ṣe yẹ, ìka lè kàn án kó má dùn ún tó, ṣíṣẹ́jú á dínkù, omijé á sì dínkù pẹ̀lú. Nítorí náà, ẹni tó bá ń sọ pé, "Mo bọ́jú lánàá, kò ṣe mí ní nǹkan kan," ń fi ẹlẹ́rìí tí kò ríran jẹ́rìí ni.

Ìmúra fún ọ̀sẹ̀ tí a ò ní bọ́jú máa ń bẹ̀rẹ̀ kí ọjọ́ iṣẹ́ abẹ tó pé. Ẹ fọ irun, ẹ lọ dirun tàbí ẹ lọ gẹrun, ẹ bọ́jú dáadáa pẹ̀lú ọṣẹ. Láti ọjọ́ tó ṣáájú ni kí ẹ ti fi ìpara, páúdà, mékọ́ọ̀pù àti lọ́fíńdà sílẹ̀. Ọ̀rọ̀ lọ́fíńdà máa ń ya àwọn ènìyàn lẹ́nu, bẹ́ẹ̀ ó nídìí: ooru rẹ̀ lè dí ìmọ́lẹ̀ lésà lọ́wọ́ nínú yàrá náà. Àwọn tó ń lé tìróò ní láti tètè dá a dúró, torí kì í tán nídìí irun ìpéǹpéjú lọ́jọ́ kan. Irun ojú àlẹ̀mọ́ gbọ́dọ̀ kúrò, tàtè tàtè. Kí ẹ sì sọ fún dókítà bí ẹ bá ń lo oògùn rorẹ́ tí wọ́n ń pè ní isotretinoin. Ó ń gbẹ ojú, ó sì wà lára ohun tí wọ́n ń tìtorí rẹ̀ sún iṣẹ́ abẹ síwájú. Ẹ sọ fún un pẹ̀lú bí àpá ara yín bá jẹ́ èyí tó máa ń wú, gẹ́gẹ́ bó ṣe wọ́pọ̀ láàárín àwa aláwọ̀ dúdú. Wọ́n ti ń bẹ̀rù rẹ̀ nígbà kan, kì í sì í sábà fa wàhálà nínú kọ́níà, àmọ́ dókítà ló yẹ kó gbọ́ kó sì pinnu.

Ọjọ́ kìíní, ẹ má fọwọ́ kan ojú rárá. Ẹ sùn. Wọ́n á fún yín ní ìbòjú oníke tó ní ihò lára. Ẹ máa lò ó bí ẹ bá fẹ́ sùn títí dókítà yóò fi ní ó tó, torí ojú oorun ni ọwọ́ ti ń họ ojú láìsí pé ẹni tó ni ín mọ̀. Ẹ fẹ̀yìn lélẹ̀ sùn. Bí fáànù bá wà ní yàrá, ẹ yí i sí ẹ̀gbẹ́ kan. Atẹ́gùn rẹ̀ ń gbẹ ẹyinjú.

Láti ọjọ́ kejì ni nínù ti ń bẹ̀rẹ̀. Ẹ wá aṣọ òwú kéékèèké tó rọ̀, kí ẹ fọ̀ wọ́n, kí ẹ sá wọn gbẹ, ẹ má fi èyí tí gbogbo ilé ń lò ṣe é. Ẹ se omi kó hó dáadáa, kí ẹ dé e títí yóò fi tutù. Ẹ fi ọṣẹ fọ ọwọ́ kí ẹ tó ṣe ohunkóhun. Ẹ wá jókòó níwájú dígí, ẹ má nàró lẹ́bàá bésìnì, torí ẹni tó bá tẹ̀ síwájú bésìnì, ọwọ́ rẹ̀ á fẹ́ ṣe bó ṣe máa ń ṣe. Ẹ tẹ aṣọ bọ omi, ẹ fún un títí kò fi ní kán mọ́. Ẹ di ojú jẹ́jẹ́, láìfún un pọ̀. Iwájú orí ni kí ẹ kọ́kọ́ nù, láti àárín lọ sí ẹ̀gbẹ́ etí. Lẹ́yìn náà imú, ẹ̀rẹ̀kẹ́, yíká ẹnu, àgbọ̀n, kí ẹ máa fà á lọ sísàlẹ̀, kì í ṣe sókè. Egungun tó yí ẹyinjú ká, tí ẹ bá fọwọ́ bà á ẹ ó mọ̀ ọ́n: òun ni ààlà. Aṣọ kò gbọdọ̀ kọjá rẹ̀. Bí awọ yín bá ń yọ epo, ẹ lè kán ọṣẹ olómi tí kò ní òórùn sí aṣọ kan, kí ẹ fi nu ẹ̀rẹ̀kẹ́ àti àgbọ̀n, kí ẹ sì fi aṣọ mìíràn tó tutù nù ún kúrò lẹ́ẹ̀mejì. Ìfófòó kò sí nínú rẹ̀. Ibi tí ọṣẹ bá ti ń hó, ó ti pọ̀ jù.

Ìpin tó bá lẹ̀ mọ́ irun ìpéǹpéjú ní òwúrọ̀ ni ìdánwò tó le jù. Ẹ má fi èékánná yọ ọ́. Bí dókítà bá gbà yín láyè, ẹ fi bándéèjì rírọ̀ tí wọ́n ń tà ní ilé oògùn bọ omi iyọ̀ tí wọ́n ti pa kòkòrò inú rẹ̀, ẹ jẹ́ kó wà lórí irun náà díẹ̀ láìtẹ̀ ẹ́, yóò rọ̀, ẹ ó sì gbá a kúrò láti ẹ̀gbẹ́ imú síta. Ẹ̀ẹ̀kan péré ni kí ẹ lo bándéèjì kan, ojú kejì sì gbọ́dọ̀ ní tirẹ̀. Òwú kò dára fún èyí, torí fọ́nrán rẹ̀ ń já sínú ojú.

Ní ti ìwẹ̀, korobá àti ike ìbuwẹ̀ tiwa yìí sàn ju ṣáwà lọ, torí ẹni tó ń wẹ̀ ló ń pàṣẹ ibi tí omi ń lọ. Ẹ bù ú láti èjìká lọ sísàlẹ̀, kí orí dúró lókè. Ẹni tó bá ní ṣáwà nìkan, kó kọ ẹ̀yìn sí i. Kí kànìnkànìn tó ní ìfófòó má gòkè kọjá ọrùn. Irun fífọ̀, ẹ jẹ́ kó di ọjọ́ mìíràn. Bí kò bá ṣe é sún, kí ẹlòmíràn bá yín fọ̀ ọ́ pẹ̀lú orí tí a gbé sẹ́yìn, kó fi aṣọ gbígbẹ dí iwájú orí. Òógùn ńkọ́? Ẹ so aṣọ mọ́ iwájú orí bí ẹ bá ń rìn lọ́sàn-án, kí ẹ máa tẹ̀ ẹ́ gbẹ, ẹ má nù ún wá sójú.

Mo ti sọ fún àwọn dókítà tí mo mọ̀ pé ó yẹ kí wọ́n máa béèrè ẹ̀sìn aláìsàn kí wọ́n tó ní kó má fomi kan ojú. Mùsùlùmí ń ṣe àlùwàlá fún ìrun márùn-ún lóòjọ́, ojú fífọ̀ sì jẹ́ ọ̀ranyàn nínú rẹ̀. Ẹni tí kò bá sẹ́ni tó là á lọ́yẹ̀ yóò máa bomi sójú nígbà márùn-ún, tàbí kó pa ìrun rẹ̀ tì, tàbí kó máa kírun pẹ̀lú iyèméjì lọ́kàn. Kò sì sí èyí tó pọn dandan nínú mẹ́tẹ̀ẹ̀ta. Al-Kùránì fúnra rẹ̀, nínú súrà kẹrin àti ìkarùn-ún, dárúkọ aláìsàn mọ́ àwọn tí a gbà láyè láti ṣe tayamọ́mù dípò àlùwàlá. Àwọn onímọ̀ ẹ̀sìn tún sọ̀rọ̀ nípa fífi ọwọ́ tútù pa ibi tí egbò wà tàbí ohun tí a fi dì í. Ẹ lọ bá àfáà yín kí iṣẹ́ abẹ tó wáyé, kí ẹ ṣàlàyé fún un pé dókítà ní omi yóò pa ojú lára, kó sọ èyí tó bá yín mu. Ẹ wá sọ èyí náà fún un: tayamọ́mù ń fi ọwọ́ tí a fi kan ilẹ̀ pa ojú, eruku ilẹ̀ sì burú fún ojú yìí bíi ti omi. Ní ìlànà òfin ẹ̀sìn ti Màlíkì, èyí tó pọ̀ jù ní ilẹ̀ Yorùbá, òkúta tó mọ́ lásán tó fún tayamọ́mù, kò di dandan kí eruku wà lára rẹ̀. Ẹ wá òkúta kan, ẹ fọ̀ ọ́, ẹ sá a gbẹ, kí ẹ máa lò ó. Kí ẹ tẹ́ aṣọ tó mọ́ síbi ìforíkanlẹ̀.

Àwọn ará ìjọ aláṣọ funfun náà ní tiwọn. Omi àdúrà tí wọ́n ń bù sójú, òróró tí wọ́n ń fi sí iwájú orí tí ooru á sì mú un ṣàn wá sí ìpéǹpéjú, ẹ bẹ wòlíì pé kó bá yín ta á sí àtẹ́lẹwọ́ tàbí ẹsẹ̀. Kò sí wòlíì olóye tí yóò kọ̀.

Ní ti ìpara, ohun tó yẹ ká mọ̀ ni pé ìpara kì í dúró níbi tí a fi í sí. Ooru ara ń yọ́ ọ, òógùn ń tì í, ìrọ̀rí ń gbé e láti ẹ̀rẹ̀kẹ́ lọ sí ojú. Nítorí náà, ọ̀sẹ̀ méjì àkọ́kọ́, kí gbogbo àyíká ojú wà láìní ìpara, àyàfi tí dókítà bá sọ ohun mìíràn. Ẹ̀rẹ̀kẹ́ àti àgbọ̀n lè gba èyí tó fúyẹ́ tí kò ní òórùn, ní òwúrọ̀, kì í ṣe nígbà tí a fẹ́ sùn. Nígbà ọyẹ́ tí awọ ń ya, ẹ fi òrí díẹ̀ sí ètè àti ìsàlẹ̀ ẹ̀rẹ̀kẹ́, ó tó. Àwọn ìpara tó ń ṣí awọ, irú èyí tó ní rẹ́tínọ́ọ̀lù, ásíìdì èso tàbí oògùn rorẹ́ nínú, ẹ gbé wọn pamọ́ títí dókítà yóò fi yẹ̀ yín wò lẹ́yìn ọ̀sẹ̀ méjì, ó kéré tán. Ọṣẹ dúdú dára fún ara, mi ò bá a jà. Àmọ́ eérú ni wọ́n fi sè é, ó le ju omijé lọ jìnnà, bó bá wọ ojú tó ní egbò yóò jó o. Kí ó dúró sí ọrùn lọ sísàlẹ̀ fún oṣù àkọ́kọ́. Robb àti Àbọ́níkì pẹ̀lú, tí a máa ń fi pa iwájú orí bí orí bá ń fọ́ wa: ooru wọn ń ta ojú, ọwọ́ tí a fi pa á sì máa ń gbàgbé. Ẹ fi wọ́n sílẹ̀.

Ìpara abóra ni mo fẹ́ dúró lé lórí díẹ̀, nítorí ewu rẹ̀ kò hàn sójú. Ọ̀pọ̀ nínú wọn ní oògùn sitẹrọ́ọ̀dù nínú, wọn kì í sì í kọ ọ́ sára ike. Sitẹrọ́ọ̀dù tí a bá ń fi pa ìpéǹpéjú fún ìgbà pípẹ́ lè gbé ìfúnpá inú ẹyinjú sókè, ìfúnpá yìí ló sì ń ba iṣan ìríran jẹ́ nínú àrùn glaucoma, èyí tí àwa aláwọ̀ dúdú ti ní ju ẹ̀yà mìíràn lọ. Ẹ wá wo bó ṣe kan lésà: lẹ́yìn LASIK tàbí PRK, kọ́níà ti fẹ́lẹ́ sí i, ẹ̀rọ tí wọ́n fi ń wọn ìfúnpá náà á sì máa ka iye tó kéré ju bó ṣe rí lọ. Ìpara ń gbé e ga, ẹ̀rọ ń sọ pé kò ga. Oògùn tí dókítà fún yín láti máa kán sójú lẹ́yìn iṣẹ́ abẹ sábà máa ń ní sitẹrọ́ọ̀dù nínú pẹ̀lú. Ti òun ní iye ọjọ́, ẹ dá a dúró lọ́jọ́ tó ní kí ẹ dá a dúró. Ẹni tó bá ti ṣe lésà rí, kó sọ ọ́ fún gbogbo dókítà ojú tó bá wọn ìfúnpá ojú rẹ̀ títí ayé.

Oògùn kíkán náà wà lára ìtọ́jú ojú. Ẹ máa fi ìṣẹ́jú márùn-ún sí àárín oògùn kan àti òmíràn. Kí ẹnu ike oògùn má kan irun ojú. Èyí tó bá ṣàn sí ẹ̀rẹ̀kẹ́, ẹ fi bándéèjì tẹ̀ ẹ́ gbẹ níbẹ̀, ẹ má tẹ̀lé e lọ sí òkè. Omijé àtọwọ́dá tó wà nínú ike kéékèèké tí à ń lò lẹ́ẹ̀kan, tí kò ní oògùn ìpamọ́ nínú, ni ó dára jù fún lílò léraléra. Ṣùgbọ́n oyin, omi ọmú obìnrin tó ń tọ́mọ, ìtọ̀, àgbo tí wọ́n ní ó ń la ojú: mo bẹ̀ yín, kò sí èyí tó gbọ́dọ̀ débẹ̀. Ojú tó fọ́ nítorí irú nǹkan báyìí pọ̀ nílẹ̀ wa.

Ẹni tó ń dáná, kó jẹ́ kí ẹlòmíràn gé ata àti àlùbọ́sà fún ọ̀sẹ̀ yẹn. Ata kì í kúrò lọ́wọ́ lẹ́ẹ̀kan tí a bá fọ̀ ọ́. Kó jìnnà sí èéfín igi àti ti jẹnẹrétọ̀, kó sì wọ awò oòrùn bó bá ń jáde, pàápàá ẹni tó ṣe PRK, torí oòrùn líle ní oṣù àkọ́kọ́ wà lára ohun tó lè mú kọ́níà rẹ̀ ṣú.

Bí omi tàbí ọṣẹ bá wá ta sínú ojú pẹ̀lú gbogbo ìṣọ́ra yìí, ọwọ́ ni kí ẹ kọ́kọ́ so mọ́lẹ̀. Ẹ ṣẹ́jú lọ́pọ̀ ìgbà, ẹ kán omijé àtọwọ́dá púpọ̀ sí i kó lè fọ̀ ọ́ jáde, kí ẹ sì pe ilé ìwòsàn lọ́jọ́ náà. Ẹ̀kán omi kan kì í sábà dá ewu ńlá sílẹ̀. Fífi ọwọ́ ra ojú lẹ́yìn rẹ̀ ló burú. Àmọ́ bí ojú bá ń pọ́n sí i dípò kó máa mọ́, bí ìmọ́lẹ̀ bá ń gún un, bí ọyún bá ń jáde, bí ìríran tó ti mọ́lẹ̀ bá tún ṣú, ẹ má dúró di ọjọ́ tí wọ́n fún yín. Ẹ lọ lọ́jọ́ náà, ì báà jẹ́ òru.

Bí dókítà bá yẹ̀ yín wò lópin ọ̀sẹ̀ kìíní tó sì ní ó dára, ẹ lè bẹ̀rẹ̀ sí í bọ́jú padà, pẹ̀lú ojú dídì àti omi díẹ̀ láti àtẹ́lẹwọ́, láìgbá a mọ́jú, kí ẹ fi aṣọ tẹ̀ ẹ́ gbẹ. Mékọ́ọ̀pù àti ìpara àyíká ojú di ẹ̀yìn ọ̀sẹ̀ méjì. Ẹ da màsíkárà àtijọ́ nù, kòkòrò ń gbé inú rẹ̀. Ẹ ra tuntun. Ní ti tìróò, èmi ò ní gba ẹnikẹ́ni nímọ̀ràn láti padà sí i rárá, nítorí òjé wà nínú púpọ̀ nínú rẹ̀, ìyẹ̀fun rẹ̀ sì ń bọ́ sórí ẹyinjú. Ẹni tó fẹ́ lọ òde ìyàwó ní ọ̀sẹ̀ kẹta, kó sọ fún ẹni tó ń kùn ún lójú kó tó jókòó: kó má fa ìpéǹpéjú, kó má lẹ irun àtọwọ́dá, kó sì rántí pé yíyọ rẹ̀ kúrò lálẹ́ léwu ju kíkùn ún lọ. Odò àti omi ìlúwẹ̀ẹ́ gbọ́dọ̀ dúró di oṣù kan sí méjì. Eré tí ara ti ń gbá ara, bíi bọ́ọ̀lù àti ẹ̀ṣẹ́ kíkàn, ó kéré tán ọ̀sẹ̀ mẹ́rin.

Ẹni tó ṣe LASIK ní láti mọ̀ pé ìdérí rẹ̀ lè ṣí lẹ́yìn ọdún púpọ̀ bí nǹkan bá gún un lójú. Èékánná ọmọ ọwọ́ wà lára ohun tó ń ṣe bẹ́ẹ̀. Ìyá tàbí bàbá tó bá ní ọmọ jòjòló nílé, kó máa gé èékánná ọmọ náà lọ́sọ̀ọ̀sẹ̀, kó sì di ọwọ́ rẹ̀ mú bó bá ń gbé e sún mọ́ ojú.